Fíìmù Ọwọ́ Tí A Wá Lọ sí Mestre

Kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa ni mo ti gbé ọkọ̀ dúró síwájú ilé Dona Leonor ní Torino, tí mo ń gbàdúrà pé kó ti gbàgbé pé à ń rìnrìn àjò lọ́jọ́ náà. Kò gbàgbé. Ó ti dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó fi ìborùn dúdú wé ọrùn, àwọn àpótí irinṣẹ́ rẹ̀ sì tò yí ẹsẹ̀ rẹ̀ ká. Ó rẹ́rìn-ín sí mi. Èmi náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ inú mi kò dùn rárá.

Ẹ̀yin ará ilé ní Ìwó, ẹ mọ̀ pé ṣọ́ọ̀bù oúnjẹ ni mo ní níbí, létí ọjà ńlá Porta Palazzo. Iṣu, gààrí, èlùbọ́, epo pupa àti ìpara irun ni mo ń tà. Àlàájì ni gbogbo èèyàn ń pè mí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Mẹ́kà tí mo tíì fojú rí kò ju èyí tó wà lára kàlẹ́ńdà ṣọ́ọ̀bù mi lọ. Mo tún ní ọkọ̀ akẹ́rù kékeré kan, furgone ni wọ́n ń pè é níbí, tí mo fi ń kó ọjà fún àwọn aláṣọ́ọ̀bù wa káàkiri. Oníbàárà mi ni Dona Leonor. Ọmọ Potogí ni, Dona sì ni àwọn Potogí fi ń bọ̀wọ̀ fún àgbà obìnrin, bí àwa ṣe ń sọ pé Màmá. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ àgbagbà ló máa ń rà lọ́wọ́ mi, á dín in, á fi jẹ ẹja. Fíìmù sì niṣẹ́ rẹ̀.

Kì í ṣe irú fíìmù tí ẹ mọ̀ o, èyí tí ìyá ọkọ ti ń fojú ìyàwó rí màbo. Fíìmù tirẹ̀ kò ní ìtàn, kò ní òṣèré, ìgbà mìíràn kò tilẹ̀ ní ohùn. Ó lè gbé kámẹ́rà síwájú ilẹ̀kùn kan títí ọ̀sán á fi di ìrọ̀lẹ́, kí ẹnikẹ́ni má sì gba ibẹ̀ wọlé. Láti ìgbà tó ti wà lọ́mọge ló ti ń ṣe é, àwọn ọ̀mọ̀wé ibí sì kà á sí gan-an. Lọ́dún yẹn, gbọ̀ngàn kan ní Padova pè é fún ohun tí wọ́n ń pè ní retrospettiva. Ìyẹn ni pé wọ́n máa kó gbogbo iṣẹ́ rẹ̀ jọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òní, wọ́n á sì fi hàn fáráyé, bí ìgbà tí wọ́n bá ní kí alásè kan tún gbogbo ọbẹ̀ tó ti sè láyé rẹ̀ gbé kalẹ̀.

Gbogbo ọbẹ̀ náà pé, àfi ẹyọ kan, ẹyọ kan náà ló sì fẹ́ràn jù. Nígbà tí ọ̀pọ̀ nínú wa ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ilẹ̀ yìí, ó ti jókòó ọ̀pọ̀ ọjọ́ nínú ṣọ́ọ̀bù onídìrí kan ní òpópónà Via Piave, ní ìlú Mestre tó kọjá Padova díẹ̀, ó ń ya bí wọ́n ṣe ń dirun. Èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ ti bàjẹ́, nítorí omi òjò ya wọ ilé ìkẹ́rùsí rẹ̀ ní Lisbon. Ẹyọ kan tó kù láyé ni kásẹ́ẹ̀tì fídíò tó fi ta onídìrí náà lọ́rẹ nígbà náà. Ó bi mí bóyá mo mọ̀ ọ́n. Ta ni kò mọ Ìyá Títí? Èmi ni mo ń kó ìpara irun fún un. Mo fọwọ́ sọ̀yà pé kó fọkàn balẹ̀, pé Yorùbá kì í sọ nǹkan nù, pé ike áísíkiriìmù tó ti tán láti ọjọ́ pípẹ́ ṣì wà nílé wa tí a fi ń tọ́jú ata.

Lọ́jọ́ tó ṣáájú ìrìn àjò ni mo wá pe Ìyá Títí pé à ń bọ̀ wá gba kásẹ́ẹ̀tì náà lọ́la, kí wọ́n lè fi hàn ní Padova lálẹ́.

“Àlàájì,” ó ní, “cassetta yẹn wà. Ohun tó wà nínú ẹ̀ ni kò sí mọ́.”

Ó wá tú u sílẹ̀ fún mi. Nígbà tí Màmá Potogí fún wọn ní kásẹ́ẹ̀tì náà, òun àti ọkọ rẹ̀ pe àwọn aládùúgbò jọ, ó se ìrẹsì, wọ́n jókòó láti wo Ìyá Títí nínú fíìmù. Ọwọ́ ni wọ́n rí. Ọwọ́, ọwọ́, ọwọ́, títí ìrẹsì fi tán. Kò sí ojú ẹnì kankan níbẹ̀, kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀, kò sẹ́ni tó kí ẹnikẹ́ni. Ṣé ẹ mọ bí ti wa ṣe rí: ayafídíò tó bá mọṣẹ́ kò ní fi ojú ẹyọ kan sílẹ̀ lóde ìnáwó, á dá ẹ dúró, á ní kí o wo òun, títí wàá fi ṣe tán. Ọkọ rẹ̀ ní obìnrin náà gbìyànjú, àmọ́ kò sẹ́ni tó kọ́ ọ láti gbé kámẹ́rà sókè. Àánú rẹ̀ ṣe wọ́n. Wọ́n gbà pé iṣẹ́ tó bàjẹ́ ló fi kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ta wọ́n lọ́rẹ, kí wọ́n lè rí i lò. Nígbà tí wọ́n bí Títí, ọjọ́ Sunday ni ìsọmọlórúkọ bọ́ sí, kásẹ́ẹ̀tì ayafídíò wọn já nínú kámẹ́rà, kò ṣeé lò mọ́, ṣọ́ọ̀bù gbogbo sì ti tì. Wọ́n lẹ sẹ́lótéèpù mọ́ ihò tí Màmá Potogí dá sí ẹ̀gbẹ́ kásẹ́ẹ̀tì tirẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà ya nǹkan mìíràn lé e lórí, wọ́n sì ya ìsọmọlórúkọ lé e lórí.

Ó bi mí pé ṣé èmi náà ò ní lò ó. Tó bá jẹ́ èmi ni, mi ò ní dúró dọjọ́ ìsọmọlórúkọ.

Àmọ́ ọ̀rọ̀ kò tíì tán. Ọkọ rẹ̀, ẹni tó ń ṣiṣẹ́ nílé iṣẹ́ àga kan ní Treviso, ṣàìsàn, ó sì kú kí Títí tó mọ ìrìn rìn. Inú kásẹ́ẹ̀tì yẹn nìkan ni ohùn rẹ̀ kù sí láyé. Títí ti dàgbà báyìí, ó wà ní yunifásítì ní Padova, kò sì gbọ́ ohùn bàbá rẹ̀ rí. Ìyá rẹ̀ sọ fún un pé irun ló wà nínú kásẹ́ẹ̀tì náà. “Tó bá gbọ́ ohùn ẹ̀, á máa wá a kiri ni,” ó ní. “Èmi náà mọ bí mo ṣe wá a.” Ó wá bẹ̀ mí pé kí n wá ọgbọ́n kan dá, kí Màmá Potogí má dé Mestre. Mo ṣèlérí fún un, mo ní kó máa wòye.

Bí mo ṣe di awakọ̀ tí ẹnì kan háyà láti dé ibì kan, tí ẹlòmíì sì bẹ̀ pé kó má dé ibẹ̀ nìyẹn.

Mo kọ́kọ́ gbìyànjú ní Alessandria. Mo ní iṣu láti já fún aláṣọ́ọ̀bù wa kan níbẹ̀, ohun tí kò yẹ kó pẹ́ rárá. Mo jókòó. Mo béèrè àlàáfíà ìyàwó, ti ọmọ, ti àwọn òbí nílé, ti àwọn tó ti kú pàápàá mo fẹ́rẹ̀ẹ́ béèrè. Ọkùnrin náà gbé ìrẹsì sílẹ̀, mo jẹ ẹ́ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Mo rò pé Dona Leonor á máa bínú nínú ọkọ̀. Nígbà tí mo jáde, ó ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí ilẹ̀ iwájú ṣọ́ọ̀bù, ó ń ya àwọn iṣu náà lọ́kọ̀ọ̀kan, àwọn oníbàárà sì ń la ẹsẹ̀ ré e kọjá. Ó bẹ̀ mí pé kí a ṣì dúró díẹ̀ sí i, pé ìmọ́lẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dára ni.

Kò jìnnà sí Piacenza, mo tún yà síbi tí awakọ̀ ti ń sinmi lójú ọ̀nà márosẹ̀. Níbẹ̀ lèèyàn ti ń mu kọfí lórí ìdúró. Yúrò kan ni, ife rẹ̀ kò sì ju ife tí wọ́n fi ń wọn iyọ̀ lọ. Àwọn ará Itálì á dà á sọ́fun lẹ́ẹ̀kan bí oògùn, wọ́n á sì jáde lọ. Àwa tí a mọ ife tíì ńlá tó ní mílíìkì àti búrẹ́dì, ó máa ń jọ wá lójú bíi pé wọ́n ń sá fún ẹnì kan. Lọ́jọ́ yẹn, mo mu kọfí mi díẹ̀díẹ̀ títí obìnrin tó ń tà á fi bi mí bóyá ara mi kò yá.

Ní gbogbo ìgbà yìí, Dona Leonor ń sọ ìtàn ara rẹ̀ fún mi, mo sì ń gbádùn rẹ̀ ju bó ṣe yẹ kí ẹlẹ́tàn gbádùn nǹkan lọ. Bàbá rẹ̀ ń tún aago ṣe ní ìlú Porto. Fíìmù tó kọ́kọ́ ṣe ni ti aṣọ tí aládùúgbò wọn sá sórí okùn, láti ìgbà tó tutù títí tó fi gbẹ. Ìjọba apàṣẹwàá ló wà lórí oyè ní Potogí nígbà náà, wọ́n sì ní òṣìṣẹ́ kan tó ń yẹ fíìmù wò bóyá wọ́n bú ìjọba nínú rẹ̀. Òṣìṣẹ́ náà wo aṣọ sísá yẹn ní àwòtúnwò, kò rí èébú kankan níbẹ̀. Ó fòfin dè é. Ó ní kò sẹ́ni tí orí rẹ̀ pé tó máa ṣe irú nǹkan bẹ́ẹ̀ láìní ohun tó ń fà á. Mo rẹ́rìn-ín débi pé ọkọ̀ yà kúrò lójú ọ̀nà díẹ̀.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n fi fíìmù rẹ̀ hàn lókèèrè, gbọ̀ngàn kún. Nígbà tó parí, ìyá rẹ̀ nìkan ló ṣẹ́ kù, ó sì ti sùn lọ. Nígbà tí ìyá náà jí, ó ní fíìmù dára, òun sinmi dáadáa. Ọkọ rẹ̀ kọ̀ ọ́ sílẹ̀ nítorí pé ó fi oṣù kan gbáko ya bàtà ọkùnrin náà láìya ọkùnrin náà fúnra rẹ̀. Nígbà tí fídíò dé, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní nǹkan yẹ̀yẹ́ ni. Òun ta kámẹ́rà àtijọ́, ó ra ti fídíò, nítorí kásẹ́ẹ̀tì kò wọ́n, ó sì lè wo nǹkan pẹ́ bó ṣe fẹ́. Ó ti gba ẹ̀bùn lọ́tùn-ún lósì. Ọ̀kan nínú wọn, tí wọ́n fi dígí ṣe, ló fi ń dá ilẹ̀kùn ilé ìdáná rẹ̀ dúró kí atẹ́gùn má baà tì í.

Mo bi í pé èéṣe tí kì í fi í ya ojú.

“Ojú máa ń purọ́ bó bá ti rí kámẹ́rà, Signor Alagi,” ó ní. “Ọwọ́ ò mọ̀ pé wọ́n ń wo òun.”

Mo rọra yọ ọwọ́ mi kan kúrò lórí ìtọ́kọ̀, mo tì í bọ àpò.

Kùrukùru bo ọ̀nà títí a fi kọjá Cremona, irú kùrukùru tí wọ́n ń pè ní nebbia, tí o kò ní rí imú ọkọ̀ tìrẹ pàápàá. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo rìn bí ìgbín. Bí a ṣe ń sún mọ́ Brescia ló ká kúrò. Mo wá dá ọkọ̀ dúró, mo ní ẹ́ńjìnnì ń dún lọ́nà tí kò yé mi. Mo ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì, mo na ìka sí ibí, mo na ìka sí ọ̀hún, mo mi orí. Dona Leonor gbé kámẹ́rà rẹ̀ wá, ó sì ya ẹ́ńjìnnì náà títí tó fi tutù. Ó ní inú òun dùn pé òun rí awakọ̀ tí kì í kánjú. Níbẹ̀ ni mo ti gbà pé mi ò lè borí rẹ̀. Èèyàn tó lè dúró wo aṣọ títí tó fi gbẹ, ta ló lè fi ìdádúró dá lágara? Mo pa bọ́nẹ́ẹ̀tì dé, a sì kọjá Verona àti Padova láìdúró, títí a fi wọ Mestre.

Via Piave kò jìnnà sí ibùdókọ̀ ojú irin. Bí o bá sọ̀ kalẹ̀ níbẹ̀, òórùn ìpara irun àti ẹja gbígbẹ ló máa kí ẹ káàbọ̀. Ìyá Títí rí ọkọ̀ mi látẹ̀yìn dígí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, ó wò mí bí ẹni tí mo jẹ níyà. Ṣùgbọ́n bí Dona Leonor ṣe wọlé, Ìyá Títí kúnlẹ̀, ó kí i dáadáa, ó gbé àga, ó gbé omi, ó gbé oúnjẹ. Dona Leonor di ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì mú, ó yí wọn síwá sẹ́yìn, ó ní àwọn gan-an nìyí. Lẹ́yìn náà ló béèrè kásẹ́ẹ̀tì.

Ìyá Títí sọ ní èdè Itálì pé ó wà, ṣùgbọ́n ó ṣeni láàánú pé kò sí ẹ̀rọ tí a lè fi wò ó mọ́ láyé ìsinsìnyí. Dona Leonor ní kó má ṣèyọnu, mẹ́ta ló wà nínú ọkọ̀. Èmi náà kúkú ni mo gbé wọn sínú rẹ̀. Àgbà ló ń béèrè, kò sì sí bí ọmọlúwàbí ṣe lè sọ pé rárá. Ìyá Títí wọ ẹ̀yìn lọ, ó gbé e jáde, ó fi gèlè wé e. Mo so ẹ̀rọ mọ́ tẹlifíṣọ̀n. Ìyá Títí sọ fún mi ní Yorùbá pé kí n bá òun bẹ Màmá o, mo ní kí a jẹ́ kí wọ́n wò ó ná.

Ohun tó jáde kì í ṣe ọwọ́. Yàrá kan ló jáde, àwọn èèyàn tò sídìí ògiri. Ayafídíò lọ láti orí ẹnì kan dé orí ẹnì kejì, olúkúlùkù sì dúró gbọin, ó wo kámẹ́rà bí ẹni tó ń ya fọ́tò ìwé ìrìnnà. Oyin wà nínú abọ́, iyọ̀ wà, obì wà. Bàbá àgbàlagbà tó yẹ kó sọ ọmọ náà lórúkọ ti pàdánù ọkọ̀ ojú irin ní Verona, bàbá ọmọ ló wá gbé ọmọ náà fúnra rẹ̀. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, ó rẹ́rìn-ín títí. Ó tọ́ oyin sí ọmọ náà lẹ́nu.

“Títílayọ̀ lorúkọ ẹ,” ó ní. “Gbogbo yín, ẹ bá mi pè é.”

Wọ́n pè é. Ó ní Àbẹ̀kẹ́ ni oríkì rẹ̀. Wọ́n tún pè é. Ó wá tẹ etí sí ẹnu ọmọ náà, ó ní, “Àbẹ̀kẹ́ o,” ó sì dúró bí ẹni tó ń retí èsì. Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. “Kò burú,” ni bàbá náà wí. “Tó bá yá, wàá dá mi lóhùn.”

Ìyá Títí ti bo ojú. Èmi ń wo ilẹ̀. Dona Leonor kò mira, ó wò ó títí ìsọmọlórúkọ fi parí, títí àwòrán náà fi gbọ̀n rìrì, tí ọwọ́ fi wá yọ lójijì. Ìyẹn ni ìwọ̀nba tó kù nínú iṣẹ́ rẹ̀: ọwọ́ méjì ti ọmọge nínú irun, wọ́n ń ya á, wọ́n ń dì í. Kò pẹ́ tó tán. Dona Leonor yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún un nù. Ó ya mí lẹ́nu bó ṣe kéré lórí àga yẹn. Mo ṣe àlàyé gbogbo rẹ̀ fún un, ti ìrẹsì, ti sẹ́lótéèpù, ti ọkọ tó kú, ti ọmọ tí kò gbọ́ ohùn rí.

Kò bínú. Ó ní òun máa sọ ní Padova pé fíìmù náà ti sọnù, pé ohun tó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì yìí ti ilé wọn ni, kò sì sẹ́ni tó ní ẹ̀tọ́ láti bi wọ́n ní nǹkan kan. Ohun kan ló kù tó fẹ́: kí wọ́n jẹ́ kí òun tún ìwọ̀nba tó kù yẹn wò lẹ́ẹ̀kan sí i kí òun tó máa lọ.

Mo yí i padà. Ọwọ́ ń dirun. Lọ́tẹ̀ yìí, Ìyá Títí náà ń wò, nítorí kò sí nǹkan tó tún fẹ́ fi pamọ́ mọ́. Lójijì, ọwọ́ mìíràn wọlé láti ẹ̀gbẹ́, ọwọ́ ọkùnrin, ó na òòyà sí onídìrí, ó sì jáde. Ọmọńdinrín rẹ̀ tẹ̀ díẹ̀.

“Àlàájì, ẹ dá a dúró,” Ìyá Títí ní. “Ẹ dá a dúró, ẹ jọ̀ọ́. Ọwọ́ ẹ̀ nìyẹn.”

Ó dìde, ó lọ fi ìka kan ojú tẹlifíṣọ̀n. Gbogbo ìgbà tó fi ń wo ọwọ́ yẹn nígbà àtijọ́, ojú ara rẹ̀ ló ń wá. Ó sọ fún Dona Leonor pé lọ́jọ́ Saturday ọkọ òun kì í lọ síbi lavoro, ìyẹn ibi iṣẹ́ rẹ̀, ẹ̀gbẹ́ òun ló máa ń dúró tí á máa na òòyà sí òun, òun sì ti gbàgbé pátápátá. Omi ń bọ́ lójú rẹ̀, kò nù ún. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ó pa iná ṣọ́ọ̀bù, ó fi kásẹ́ẹ̀tì sínú báàgì, ó ní kí a máa lọ sí Padova, Títí á ti kúrò ní kíláàsì. Èmi tí mo ti ń wá bí a ò ṣe ní dé láti òwúrọ̀, mo wá sáré débi pé Dona Leonor di àga mú.

Títí, tí ìyá rẹ̀ ti pè lórí fóònù lójú ọ̀nà, dúró dè wá níwájú gbọ̀ngàn, ó ga, ó gbé báàgì ìwé kọ́ èjìká. Ó ní, “Mamma, che è successo?” ìyẹn ni pé kí ló ṣẹlẹ̀, nítorí ó rí i pé ìyá òun ti sunkún. Ìyá rẹ̀ kò bá a wí pé kó sọ Yorùbá, ohun tí mi ò rí rí. Ó fà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ó sì ní, “Bàbá ẹ wà nínú cassetta yìí. Mo fi pa mọ́ fún ẹ. Tí o ò bá fẹ́ gbọ́ ọ lónìí, a máa padà sílé.” Ọmọ náà wo báàgì, ó wo ìyá rẹ̀, ó ní òun fẹ́.

Gbọ̀ngàn náà kún fún àwọn ọ̀mọ̀wé tó wọ dúdú láti òkè dé ilẹ̀ bí ẹni tó wá síbi òkú. Wọ́n wo aṣọ sísá, wọ́n wo bàtà ọkọ, wọ́n ń mi orí. Nígbà tó kan ti Mestre, Dona Leonor dìde, ó sọ òtítọ́: pé fíìmù òun ti lọ, pé ìdílé kan ló ṣe èyí tí wọ́n máa rí, àti pé ìdílé náà wà níjòókòó. Ni yàrá yẹn bá yọ lójú aṣọ funfun tí wọ́n ń fi fíìmù hàn sí, gbogbo àwọn èèyàn wa ń wo kámẹ́rà gbọin-gbọin. Ọ̀jọ̀gbọ́n kan lẹ́yìn mi sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé ẹ̀hónú ni wọ́n ń fi ojú yẹn ṣe. Mo mọ ọ̀kan nínú àwọn tó ń fi ẹ̀hónú hàn náà. Ebi ló ń pa á lọ́jọ́ yẹn.

Nígbà tí bàbá náà ní kí gbogbo èèyàn bá òun pe orúkọ ọmọ, Ìyá Títí gbàgbé ibi tó wà, ó pè é sókè. Ṣé èmi á wá dákẹ́? Mo pè é. Nígbà tó kan Àbẹ̀kẹ́, àwọn ọ̀mọ̀wé náà ti gbà pé bí fíìmù yẹn ṣe rí nìyẹn, ìdajì gbọ̀ngàn ló bá wa pè é, wọ́n sì ba ohùn rẹ̀ jẹ́ pátápátá. Lẹ́yìn náà ni bàbá Títí tẹ etí sílẹ̀ tó ní, “Àbẹ̀kẹ́ o.” Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín ní Padova. Títí la ẹnu, kò sí nǹkan tó jáde, ó sì pa á dé. Ìyá rẹ̀ di apá rẹ̀ mú. Nígbà tí ọwọ́ ọkùnrin náà wọlé pẹ̀lú òòyà, ó fi hàn án, Títí sì gbé ọmọńdinrín ara rẹ̀ sókè nínú ìmọ́lẹ̀ fíìmù, ó wò ó. Ó tẹ̀ díẹ̀ bákan náà.

Wọ́n pàtẹ́wọ́ púpọ̀. Àwọn aláṣẹ gbọ̀ngàn fẹ́ gba kásẹ́ẹ̀tì náà kí wọ́n máa tọ́jú rẹ̀ lọ́dọ̀ wọn. Dona Leonor ní kí wọ́n bi ẹni tó ni ín. Ẹni tó ni ín ti wé e padà sínú gèlè.

Ọjọ́ kejì ni a padà sí Torino. Dona Leonor ti fi ọ̀kan nínú ẹ̀rọ fídíò mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sílẹ̀ fún Ìyá Títí. Nígbà tí a ń kọjá Brescia, ó fi ohùn pẹ̀lẹ́ bi mí bóyá ara ẹ́ńjìnnì ti yá, mo sì mọ̀ pé ó ti mọ̀. Mo ní ara rẹ̀ ti yá pátápátá. Mo wá ní ìgboyà láti bi í bóyá fíìmù tó sọnù náà dùn ún. Ó ní ó dùn òun gan-an, òun ò ní purọ́, iṣẹ́ tó dára jù lọ́wọ́ òun ni, òun ò sì ní lè ṣe irú rẹ̀ mọ́. Nígbà tí a rí àmì Alessandria ló wá sọ pé láti ìgbà tí òun ti ń ṣe fíìmù, èyí ni àkọ́kọ́ tí ẹnì kan máa nílò nínú ilé rẹ̀.

Ohun tí ìrìn àjò yìí kọ́ mi kò pọ̀. Ó kọ́ mi pé awakọ̀ tó bá ṣèlérí pé òun ò ní dé ibì kan kò gbọdọ̀ kọ́kọ́ lọ ra epo kún ọkọ̀. Ó sì kọ́ mi pé nínú gbogbo fídíò tí a kó jọ sílé, tí ojú kún inú rẹ̀ fọ́fọ́, ó ṣeé ṣe kí a má tíì wo ẹnì kan dáadáa.

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ṣí ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù mi ni fóònù dún. Títí ni. Kò pè mí rí láyé rẹ̀. Yorùbá ló sì ń sọ, ó ń wá ọ̀rọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan.

“Ẹ káàsán sà,” ó ní. “Ẹ jọ̀ọ́, tí bàbá èèyàn bá pe èèyàn, kí ni èèyàn máa sọ?”

Mo ní, “Sà ni wàá sọ. Wàá sì kúnlẹ̀.”

“Níwájú televisione?”

Mo ní níwájú ẹ̀ náà. Ó sọ nǹkan kan fún ìyá rẹ̀, mo gbọ́ tí ẹ̀rọ ń yí kásẹ́ẹ̀tì sẹ́yìn. Ó ti gbàgbé pé mo wà lórí fóònù, èmi náà kò sì rán an létí. Mo gbọ́ tí wọ́n pe Títílayọ̀, mo gbọ́ tí wọ́n pe Àbẹ̀kẹ́. Lẹ́yìn náà, mo gbọ́ ọkùnrin náà tó pe ọmọ rẹ̀.

“Sà,” ni Títí dáhùn.

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín nínú tẹlifíṣọ̀n.

“Kò burú,” ni bàbá rẹ̀ wí.